Pípa fáìlì ìpamọ́ géèmù ọgbọ́n ogun rẹ́: inú géèmù ni, inú fódà ni, àbí kí ẹ kó wọn lọ síbòmíràn?

Bí ìpamọ́ tí ẹ fẹ́ pa rẹ́ kò bá ju mẹ́wàá lọ, ẹ pa wọ́n rẹ́ láti inú géèmù fúnra rẹ̀. Bí wọ́n bá ti lé ní ọgọ́rùn-ún, inú fódà ni iṣẹ́ náà ti máa yá, ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ yanjú ọ̀rọ̀ Steam Cloud (ibi tí Steam, ètò tí a fi ń ra géèmù tí a sì fi ń ṣí i, ń kó ẹ̀dà ìpamọ́ yín sí lórí íntánẹ́ẹ̀tì) kí ẹ tó fọwọ́ kan ohunkóhun. Bí ọkàn yín bá sì ń ṣe méjì lórí ìpamọ́ kan, ẹ má pa á rẹ́ rárá, ẹ gbé e kúrò níbẹ̀. Ohun tó ń pinnu ọ̀nà tó yẹ ni ibi tí ẹ̀dà fáìlì náà wà ní tòótọ́, nítorí pé ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ju èje lọ: fáìlì kan tí ẹ rí lójú lè ní ẹ̀dà méjì mìíràn tí ẹ kò rí.

Ohun tí yóò tún ṣe, àti ohun tí kò ní tún ṣe

Nǹkan mẹ́ta ló sábà ń mú kí ènìyàn wá pa ìpamọ́ rẹ́: dísíìkì tó fẹ́ kún, àyè Cloud tó ti kún, àti ojú ìwé Load Game, níbi tí a ti ń yan ìpamọ́ láti ṣí, tó ń pẹ́ kí ó tó ṣí. Pípa wọ́n rẹ́ ń wo mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sàn. Ẹ̀kẹta yẹn yóò yé yín bí ẹ bá mọ̀ pé ọ̀pọ̀ géèmù a máa ka orí fáìlì kọ̀ọ̀kan, ìyẹn ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀, kí ó tó lè fi orúkọ orílẹ̀-èdè, ọdún tàbí turn (ìgbà kọ̀ọ̀kan tí ó bá kàn yín láti ṣe nǹkan) hàn yín. Bí fáìlì bá pé 300, orí 300 ni yóò kà.

Kò ní mú kí géèmù yára nígbà tí ẹ bá ń ta á, ìyẹn nígbà tí ẹ bá ń ṣeré rẹ̀, o. Bí turn ṣe máa ń lọ́ra ní ìparí Civilization VI, tàbí bí ọjọ́ ṣe máa ń wọ́ nínú Stellaris, ìṣirò tí kọ̀ǹpútà ń ṣe fún gbogbo àwọn alátakò yín ló fà á. Fáìlì tó ń sùn sínú dísíìkì kò dí i lọ́wọ́.

Yíyọ géèmù kúrò lórí kọ̀ǹpútà náà kì í ṣe ọ̀nà. Ohun tó wà nínú fódà steamapps\common ni Steam máa ń yọ. Ìpamọ́ tó wà nínú Documents tàbí AppData yóò dúró síbẹ̀. Géèmù lọ, ẹrù rẹ̀ kù.

Ọ̀nà kìíní: láti inú géèmù

Ẹ ṣí Load Game, ẹ tẹ orúkọ ìpamọ́ náà lẹ́ẹ̀kan kí ó tàn, ẹ tẹ Delete, kí ẹ sì tẹ bẹ́ẹ̀ ni nígbà tó bá bi yín bóyá ó dá yín lójú. Ó tán. Civilization V àti VI ní bọ́tìnnì yìí, Battle for Wesnoth náà ní in.

Àǹfààní rẹ̀ tó ga jù ni pé géèmù mọ ibi tí ó kó nǹkan sí. Bí ìpamọ́ náà bá wà lórí Cloud, géèmù fúnra rẹ̀ ni yóò sọ fún Steam pé òun ti pa á rẹ́, ẹ̀dà ọ̀hún yóò sì lọ pẹ̀lú rẹ̀. Bí ìgbín bá fà, ìkarahun a tẹ̀lé e. Ẹ kò ní láti mọ orúkọ fódà kankan, ẹ kò sì lè ṣèèṣì pa fáìlì ètò géèmù rẹ́, nítorí kò tilẹ̀ sí nínú ohun tí ẹ ń rí.

Àléébù rẹ̀ jẹ́ méjì. Àkọ́kọ́ ni pé ọ̀kọ̀ọ̀kan ni. Ìpamọ́ kan gba kí ẹ tẹ̀ ní ẹ̀ẹ̀mẹta: orúkọ, Delete, ìjẹ́rìí. Ìpamọ́ 200 gba 600, ọ̀pọ̀ géèmù yóò sì tún ojú ìwé náà kà lẹ́yìn ọ̀kọ̀ọ̀kan, tí yóò gbé yín padà sókè pátápátá. Ibẹ̀ ni ọwọ́ ti máa ń ṣì: ẹ ti ń tẹ̀ ẹ́ bọ̀ láìwò mọ́, ojú ìwé ti sún, ẹ wá pa ìpamọ́ tó kẹ́yìn rẹ́ dípò ti àtijọ́. Èkejì ni pé ohun tí géèmù bá pa rẹ́ kì í sábà gba Recycle Bin (àpótí ìdọ̀tí Windows, tí a ti lè dá fáìlì padà) kọjá. Ó ti lọ nìyẹn.

Ohun kékeré kan tún wà nínú Civilization V: àwọn ìpamọ́ àdáṣe, ìyẹn autosave, kì í hàn lójú ìwé Load Game àfi tí ẹ bá fi àmì sí àpótí Autosaves. Ẹni tí kò mọ̀ yóò pa mẹ́wàá tirẹ̀ rẹ́, yóò sì máa ṣe kàyéfì pé dísíìkì kò yí padà.

Ọ̀nà kejì: láti inú fódà

Níhìn-ín, ẹ lè pa 200 rẹ́ láàárín ìṣẹ́jú kan, ẹ lè rí ìwọ̀n àti ọjọ́ fáìlì kọ̀ọ̀kan, Recycle Bin yóò sì gbà wọ́n pamọ́ fún yín. Ìdí tí a fi fẹ́ràn rẹ̀ ju ti inú géèmù lọ fún ìgbálẹ̀ ńlá nìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹ ní láti mọ ojú ọ̀nà. Lórí Windows, ibi tí àwọn géèmù tí ènìyàn ń ta jù ń kó nǹkan sí nìyí:

- Civilization VI: Documents\My Games\Sid Meier's Civilization VI\Saves\Single. Àwọn autosave wà nínú fódà auto tó wà nínú rẹ̀. Ìparí orúkọ wọn ni .Civ6Save.
- Europa Universalis IV, Crusader Kings III, Hearts of Iron IV: Documents\Paradox Interactive, ẹ wọ fódà géèmù náà, lẹ́yìn náà save games. Ìparí orúkọ wọn ni .eu4, .ck3 àti .hoi4.
- Stellaris: ibẹ̀ kan náà ni, ṣùgbọ́n ìjọba kọ̀ọ̀kan ní fódà tirẹ̀, àwọn fáìlì .sav sì wà nínú rẹ̀.
- Total War: Warhammer II: AppData\Roaming\The Creative Assembly\Warhammer2\save_games.
- Age of Empires II: Definitive Edition: inú fódà orúkọ yín lórí kọ̀ǹpútà, Games\Age of Empires 2 DE, nọ́ńbà àkáǹtì yín, lẹ́yìn náà savegame.
- XCOM 2: Documents\My Games\XCOM2\XComGame\SaveData.

Windows máa ń fi AppData pamọ́, nítorí náà ẹ lè wá a títí kí ẹ má rí i. Ẹ tẹ bọ́tìnnì Windows àti R pọ̀, ẹ kọ %appdata% sínú àpótí tó jáde, ẹ tẹ Enter, inú Roaming gan-an ni ẹ ó bọ́ sí. Lórí Linux, Stellaris wà nínú ~/.local/share/Paradox Interactive/Stellaris/save games. Géèmù tó jẹ́ ti Windows tí ẹ ń fi Proton (ètò Steam tó ń jẹ́ kí géèmù Windows ṣiṣẹ́ lórí Linux) ta ń kó ìpamọ́ sí steamapps/compatdata, lábẹ́ nọ́ńbà géèmù náà, nínú pfx/drive_c/users/steamuser; nọ́ńbà Age of Empires II: Definitive Edition, fún àpẹẹrẹ, ni 813780.

Bí ẹ bá ti wà nínú fódà náà, ẹ yí ìrísí rẹ̀ sí Details kí ẹ lè rí ọjọ́ àti ìwọ̀n, kí ẹ sì tẹ Date modified kí wọ́n tò láti àtijọ́ dé tuntun. Ẹ tẹ èyí tó dàgbà jù, ẹ di Shift mú, ẹ tẹ èyí tó kẹ́yìn nínú àwọn tó máa lọ. Kí ẹ tó tẹ Delete, ẹ wo ìsàlẹ̀ fèrèsé náà: iye fáìlì tí ẹ mú wà níbẹ̀. Bí ẹ bá retí 180 tó sì kọ 212, ọwọ́ yín ti ré kọjá. Ẹ di Ctrl mú, kí ẹ máa tẹ àwọn tí ẹ fẹ́ yọ kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má lo Shift pẹ̀lú Delete, nítorí ìyẹn kì í gba Recycle Bin kọjá. Bí fáìlì bá sì wà lórí fíláàṣì, kò sí Recycle Bin fún un rárá; Delete lásán ti tó láti mú un lọ pátápátá.

Ẹ má gba orúkọ fáìlì gbọ́ ju ọjọ́ rẹ̀ lọ. AutoSave_0050.Civ6Save kàn ń sọ pé turn 50 ni, kò sọ ti eré wo. Bí ẹ bá bẹ̀rẹ̀ eré tuntun lẹ́yìn tí ẹ ti dé turn 240 nínú ti àtijọ́, nọ́ńbà kékeré ni yóò wà lórí èyí tó tuntun jù. Ẹni tó bá to fáìlì ní ìtẹ̀lé orúkọ, tó wá pa àwọn tó wà lókè rẹ́ ní èrò pé wọ́n ti gbó, eré tó ń ta lọ́wọ́ ló pa rẹ́ yẹn.

Kì í ṣe gbogbo ohun tó wà nítòsí ìpamọ́ ni ìpamọ́. Nínú fódà SaveData ti XCOM 2, profile.bin kì í ṣe ìpamọ́ eré kankan. Ẹ fi í sílẹ̀. Nínú fódà àwọn géèmù Paradox (ilé-iṣẹ́ tó ni Europa Universalis IV, Stellaris àti àwọn ẹgbẹ́ wọn), fódà mod (àfikún tí àwọn ènìyàn ṣe fún géèmù) àti àwọn fáìlì ètò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ save games. Ẹ má jáde kúrò nínú save games. Fáìlì continue_game.json tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ save games ló ń sọ fún bọ́tìnnì Resume pé ìpamọ́ wo ni kó ṣí. Bí ẹ bá pa ìpamọ́ tó ń tọ́ka sí rẹ́, Resume kò ní rí ohun tó máa ṣí. Géèmù kò bàjẹ́: ẹ gba Load Game wọ ìpamọ́ mìíràn, ẹ tún un pamọ́ lẹ́ẹ̀kan, yóò tún ara rẹ̀ ṣe.

Ní ti Age of Empires II, ẹ wo ìparí orúkọ dáadáa. Fódà savegame kan náà ló gba .aoe2spgame, tó jẹ́ ìpamọ́ eré ẹnìkan, àti .aoe2record, tó jẹ́ gbígbà sílẹ̀ eré tí ẹ ti ta tán fún wíwò. Àwọn .aoe2record yìí ló sábà ń kún fódà náà, nítorí eré kọ̀ọ̀kan tí ẹ bá ta lè fi ọ̀kan sílẹ̀. Ẹ kọ *.aoe2record sínú àpótí ìwákiri fódà náà, àwọn nìkan ni yóò jáde, ẹ ó sì pa wọ́n rẹ́ láìfọwọ́ kan ìpamọ́ kankan.

Ibi tí ọ̀nà kejì ti máa ń já ènìyàn kulẹ̀: Cloud

Ẹ̀sùn tó wọ́pọ̀ jù ni èyí: "Mo pa wọ́n rẹ́, wọ́n tún padà wá." Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ kò ṣòro. Steam máa ń fi ẹ̀dà ìpamọ́ ránṣẹ́ sí ọ̀dọ̀ ara rẹ̀ nígbà tí ẹ bá jáde nínú géèmù, yóò sì fi tirẹ̀ wé tiyín nígbà tí ẹ bá fẹ́ wọlé. Bí ẹ bá pa fáìlì rẹ́ nígbà tí géèmù kò sí ní ṣíṣí, ohun tí Steam rí ni pé kọ̀ǹpútà yín kò ní ohun tí òun ní. Ó lè gbà pé ó sọnù ni, kó sì dá a padà fún yín.

Ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá géèmù yín ń lo Cloud. Nínú Library, ẹ fi ọ̀tún máòsì tẹ orúkọ géèmù náà, ẹ lọ sí Properties, ẹ wo General. Bí ìlà Steam Cloud bá wà níbẹ̀ tó sì ní àmì, ẹ ṣe iṣẹ́ náà báyìí: ẹ ṣí géèmù, ẹ dúró sí mẹ́nù àkọ́kọ́, ẹ má ṣí ìpamọ́ kankan. Ẹ fi Alt àti Tab bọ́ sí fódà, ẹ pa àwọn tí ẹ fẹ́ rẹ́. Ẹ padà sínú géèmù, ẹ gba bọ́tìnnì Exit jáde bó ṣe yẹ. Ẹ má pa kọ̀ǹpútà títí Steam yóò fi parí ìránṣẹ́ rẹ̀. Nítorí pé ìparẹ́ náà ṣẹlẹ̀ nígbà tí géèmù ń ṣiṣẹ́, Steam yóò kà á sí ohun tí géèmù fúnra rẹ̀ ṣe, yóò sì pa ẹ̀dà ọ̀dọ̀ rẹ̀ rẹ́.

Bí fèrèsé kan bá jáde tó ní ìpamọ́ yín àti ti Cloud kò bá ara mu, ẹ má kánjú tẹ èyí tó bá kọ́kọ́ hàn. Ẹ ka ọjọ́ tó wà lábẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bí ó bá jẹ́ pé ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ gbá fódà tán, ti orí kọ̀ǹpútà yín ni ẹ ó mú; bí ẹ bá mú ti Cloud, gbogbo ohun tí ẹ pa rẹ́ yóò padà.

Yíyọ àmì Steam Cloud kúrò kò pa ohunkóhun rẹ́ lọ́dọ̀ Steam. Ó kàn dá ìránṣẹ́ dúró ni, ẹ̀dà àtijọ́ ṣì wà níbẹ̀. Ojú ìwé àkáǹtì Steam tó ń fi fáìlì Cloud hàn pẹ̀lú, wíwò àti gbígbà sílẹ̀ nìkan ló wà fún. Ẹ kò lè pa nǹkan rẹ́ níbẹ̀. Àwọn géèmù Paradox tún ní ìpamọ́ Cloud tí kì í sí nínú Documents rárá: ó ń gbé nínú fódà Steam\userdata, lábẹ́ nọ́ńbà yín àti nọ́ńbà géèmù, nínú remote. Ti Europa Universalis IV ni 236850, ti Stellaris ni 281990. Fún àwọn wọ̀nyí, ọ̀nà kìíní ni kí ẹ lò. Inú géèmù ló ti dára jù.

OneDrive náà wà lára ohun tó yẹ kí ẹ wò. Lórí ọ̀pọ̀ kọ̀ǹpútà Windows, Documents wà lábẹ́ OneDrive láìjẹ́ pé oníkọ̀ǹpútà mọ̀. Ohun tí ẹ bá pa rẹ́ níhìn-ín yóò pa rẹ́ lórí kọ̀ǹpútà yín kejì tó ń lo àkáǹtì kan náà. Bí ó bá jẹ́ àṣìṣe, Recycle Bin ti OneDrive lórí íntánẹ́ẹ̀tì máa ń di fáìlì mú fún ọjọ́ 30 fún àkáǹtì ẹnìkan.

Ọ̀nà kẹta: kó wọn lọ síbòmíràn

Eré tí ẹ fi oṣù méjì ta, tí ẹ kò tíì parí, tí ẹ kò sì mọ̀ bóyá ẹ ó padà sí i, ọ̀nà yìí ló yẹ ẹ́. Ẹ dá fódà tuntun sílẹ̀ lórí dísíìkì tó wà níta kọ̀ǹpútà, ẹ fi orúkọ géèmù àti ẹ̀yà rẹ̀ pè é, kí ẹ sì ṣẹ̀dà ìpamọ́ náà sínú rẹ̀. Ẹ wo ìwọ̀n ẹ̀dà náà bóyá ó bá ti àkọ́kọ́ mu kí ẹ tó pa ti àkọ́kọ́ rẹ́. Ṣíṣẹ̀dà kí a tó pa rẹ́ sàn ju gbígbé tààrà lọ, nítorí bí okùn bá já lójú ọ̀nà, ti àkọ́kọ́ ṣì wà.

Nọ́ńbà ẹ̀yà géèmù ṣe pàtàkì gan-an. Ìpamọ́ Paradox tí a ṣe ṣáájú àtúnṣe ńlá lè má ṣí dáadáa lẹ́yìn rẹ̀. Bí ẹ bá mọ ẹ̀yà náà, ẹ lè wọ Properties nínú Steam, ẹ wọ Betas, kí ẹ wò ó bóyá ẹ̀yà àtijọ́ náà wà níbẹ̀ láti mú. Bí ẹ kò bá kọ ọ́ sílẹ̀, ìméfò lásán ni. Ẹ kọ orúkọ àwọn mod tí eré náà ń lò sínú fáìlì kékeré kan pẹ̀lú. Ìpamọ́ tí mod rẹ̀ kò sí mọ́ lè kọ̀ láti ṣí.

Ẹ má gbẹ́kẹ̀ lé zip láti fi àyè pamọ́. Fáìlì .sav ti Stellaris fúnra rẹ̀ ti jẹ́ zip: bí ẹ bá ṣí i, ẹ ó rí meta àti gamestate nínú rẹ̀. Fífún un lẹ́ẹ̀kejì kò fẹ́rẹ̀ẹ́ dín nǹkan kan kù. Gbígbé e kúrò lórí dísíìkì náà ló ń fún yín láyè.

| | Inú géèmù | Inú fódà | Kíkó lọ |
|---|---|---|---|
| Ó yẹ fún | ìpamọ́ díẹ̀, ìpamọ́ Cloud | ọ̀pọ̀ autosave | eré tí kò tíì parí |
| Àyè tó ń tú sílẹ̀ | bí ẹ bá ṣe pa tó | púpọ̀, kíákíá | púpọ̀, ó gba dísíìkì mìíràn |
| Ṣé ó ṣe é dá padà? | kì í sábà ṣe é | bẹ́ẹ̀ ni, láti Recycle Bin | bẹ́ẹ̀ ni, ìgbàkigbà |
| Cloud | ó ń tẹ̀lé e | ó lè dá wọn padà | bíi ti inú fódà |
| Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ | títẹ̀ láìwò | mímú fáìlì kọjá ibi tó yẹ | àìkọ ẹ̀yà àti mod sílẹ̀ |

Kí wọ́n má baà tún kún

Ètò autosave ló ń pinnu bóyá ẹ ó tún ṣe iṣẹ́ yìí. Civilization VI ní nọ́ńbà méjì nínú Options: iye turn tó wà láàárín autosave kan àti èkejì, àti iye autosave tó gbọ́dọ̀ kù. Ẹ ronú wọn pọ̀. Bí ó bá ń pamọ́ ní turn kọ̀ọ̀kan tí 10 péré ń kù, turn 10 sẹ́yìn ni ẹ lè padà dé. Bí ó bá jẹ́ turn 5-5, fáìlì 10 kan náà yóò gbé yín padà fún nǹkan bíi turn 50, láìgba àyè kankan sí i. Bí géèmù bá wá já lójijì, ohun tó burú jù tí ẹ lè pàdánù ni turn 4 tàbí 5. Fún ẹni tí géèmù rẹ̀ kì í já, àṣàyàn kejì ló dára jù.

Nínú àwọn géèmù Paradox, oṣù tàbí ọdún inú géèmù ni ẹ ó fi wọn àlàfo náà. Lẹ́yìn ìdajì eré, nígbà tí fáìlì bá ti wúwo, àlàfo tó gùn máa ń dín ìdádúró tó ń ṣẹlẹ̀ nígbà ìpamọ́ kù pẹ̀lú. Ironman (irú eré tí kì í jẹ́ kí ẹ padà sẹ́yìn sí ìpamọ́ àtijọ́) yàtọ̀: ìpamọ́ kan ṣoṣo ló ní, òun ló sì ń gbé gbogbo eré náà. Ẹ má ka ironman.sav ti Stellaris mọ́ autosave kí ẹ wá pa á rẹ́. Bí ó bá lọ, eré náà ti parí.

Nígbà tí ẹ bá ti ṣe tán, ẹ má tíì tú Recycle Bin dà. Ẹ ṣí géèmù, ẹ wọ Load Game, ẹ ṣí ìpamọ́ tí ẹ fẹ́ máa ta lọ, ẹ ta turn kan, ẹ jáde, ẹ tún wọlé. Bí ó bá ṣí lẹ́ẹ̀kejì láìsí fèrèsé Cloud kankan, ẹ lè tú u dà.